Abẹ Tó Ti Kan Ẹ̀jẹ̀ Kò Gbọdọ̀ Kan Orí Ẹlòmíì: Ọ̀rọ̀ Lórí Irinṣẹ́ Onígbàjámọ̀

Ètò ìlera àti ọjà la tún gbé dé. Ẹ sún mọ́ rédíò dáadáa.

Ẹgbẹ́ olùgbọ́ kan ló fi ọ̀rọ̀ ránṣẹ́ sí wa. Wọ́n ní aáwọ̀ kan ṣẹlẹ̀ lábúlé àwọn. Ọ̀dọ́mọkùnrin kan lọ gẹrun lọ́jọ́ ọjà. Nígbà tó kàn án, ó rí i pé abẹ tí onígbàjámọ̀ fi lànà sí etí irun ẹni tó ṣáájú náà ló fẹ́ fi ṣe tòun. Ó ní, "Ẹ pa abẹ yẹn dà." Inú bí onígbàjámọ̀. Ó ní, "Ṣé o rò pé àrùn ń ṣe mí ni? Èmi tí mo ti ń fá orí bàbá rẹ kí wọ́n tó bí ọ?" Ọmọ náà dìde, ó bá tiẹ̀ lọ. Ọ̀rọ̀ dé iwájú àwọn àgbà. Àwọn kan ní ọmọ náà rí àgbà fín. Àwọn míì ní ó tọ̀nà. Ẹgbẹ́ wá bi wá pé: ta ló jàre?

A ó dáhùn. Ṣùgbọ́n ẹ jẹ́ ká kọ́kọ́ wo irinṣẹ́ náà lọ́kọ̀ọ̀kan, torí inú irinṣẹ́ ni ìdáhùn wà.

Abẹ

Láyé àwọn bàbá ńlá wa, abẹ tí alágbẹ̀dẹ rọ ni onígbàjámọ̀ ń lò. Tó bá kú, a pọ́n ọn, ó tún mú. Abẹ kan lè fá orí gbogbo agbo ilé fún ọ̀pọ̀ ọdún. Lónìí, abẹ pẹlẹbẹ tó wà nínú bébà ló kún ọjà. Wọ́n ṣe é kó mú gan-an, kó má sì pẹ́. Ṣùgbọ́n àṣà àtijọ́ ṣì wà lọ́wọ́ àwọn míì: abẹ kan ṣoṣo láti àárọ̀ dalẹ́.

Kí ló burú níbẹ̀? Abẹ kì í gé irun nìkan. Ó máa ń bó awọ díẹ̀, ó máa ń fa ẹ̀jẹ̀ tó kéré débi pé ojú lè má rí i. Ẹ̀jẹ̀ kékeré yẹn lè gbé àrùn láti orí ẹnì kan dé orí ẹlòmíì. Àrùn ẹ̀dọ̀ tí àwọn dókítà ń pè ní hépatite B ló yẹ ká bẹ̀rù jù níbẹ̀. Kòkòrò rẹ̀ lè wà láàyè lára irin tàbí aṣọ fún ọjọ́ 7, ó kéré tán, bí ẹ̀jẹ̀ náà tiẹ̀ ti gbẹ. Ẹni tó ní in lè gbé e fún ọ̀pọ̀ ọdún láìmọ̀, ara rẹ̀ á máa dá ṣáṣá, kí ẹ̀dọ̀ tó bẹ̀rẹ̀ sí í bàjẹ́, kó sì lè di jẹjẹrẹ ẹ̀dọ̀. Kòkòrò sidá náà ń gba inú ẹ̀jẹ̀, ṣùgbọ́n tirẹ̀ kì í lágbára tó bẹ́ẹ̀ tó bá ti kúrò lára ènìyàn.

Ẹ wá wò ó: kì í ṣe onígbàjámọ̀ la ní ó ní àrùn. Orí tó jókòó ṣáájú la ò mọ̀. Olórí fúnra rẹ̀ lè má mọ̀.

Òfin kan ṣoṣo ló wà fún abẹ: abẹ tuntun, orí kan, ó tán. Ohun tí à ń sọ yìí kan abẹ tí a fi ń sín gbẹ́rẹ́, èyí tí a fi ń kọlà, àti èyí tí a fi ń gé èékánná.

Ẹ̀rọ ìgẹrun

Èyí ni àwọn ọmọ wa ń pè ní tondeuse. Tí ẹ bá tú ẹnu rẹ̀, ẹ ó rí irin méjì tó ní eyín bí òòyà. Ti ìsàlẹ̀ dúró sójú kan. Ti òkè ń sáré lọ sọ́tùn-ún, ó ń sáré bọ̀ sósì. Irun á wọ àárín eyín méjèèjì, wọ́n á gé e bí àlùmọ́gàjí ṣe ń gé aṣọ.

Tí ẹ̀rọ bá ń fa irun tu, tó ń gbóná, tó ń pariwo, irun ti dí i nínú tàbí òróró ti gbẹ lára rẹ̀. Ẹ pa á, ẹ fi búrọ́ọ̀ṣì gbọn irun inú rẹ̀ dànù, ẹ kán òróró ẹ̀rọ ìránṣọ ẹ̀kán kan tàbí méjì sí eyín rẹ̀, ẹ tàn án díẹ̀, kí ẹ nu èyí tó bá ṣẹ́kù kúrò. Ẹ má fi òróró ẹ̀pà tàbí epo pupa sí i o. Òróró oúnjẹ máa ń dì, á sì lẹ̀ mọ́ irin.

Tí ẹ̀rọ bá ń ya ènìyàn lára, ẹ wo bí irin méjèèjì ṣe jókòó. Eyín òkè gbọ́dọ̀ fà sẹ́yìn díẹ̀ sí ti ìsàlẹ̀. Tí ti òkè bá yọ kọjá ti ìsàlẹ̀, awọ ló máa gé.

Ẹ̀rọ sàn ju abẹ lọ torí pé kì í sábà fa ẹ̀jẹ̀. Ṣùgbọ́n "kì í sábà" kò túmọ̀ sí "kì í ṣe é rárá". Ó sì máa ń gbé àrùn awọ kiri. Àwọn òòyà rọ́bà tí wọ́n ń fi bọ ẹnu rẹ̀ ní nọ́ńbà: nọ́ńbà 1 máa ń fi irun tó tó mìlímítà 3 sílẹ̀, nọ́ńbà 2 máa ń fi mìlímítà 6 sílẹ̀, nọ́ńbà 4 máa ń fi nǹkan bíi 13 sílẹ̀. Ẹni tí kókó máa ń sọ lẹ́yìn ọrùn tàbí ní àgbọ̀n, ẹ má bá a fá a kanlẹ̀. Irun wa ká. Tí a bá gé e mọ́ awọ pátápátá, ó máa ń yí ẹnu padà wọnú awọ nígbà tó bá ń hù, ibẹ̀ á wú, á di kókó. Ẹ fi nọ́ńbà 1 ṣe é fún un, ara á tù ú.

Àlùmọ́gàjí, òòyà, búrọ́ọ̀ṣì àti aṣọ

Àwọn wọ̀nyí la máa ń gbàgbé. Làpálàpá orí máa ń wọ ara wọn, pàápàá láàárín àwọn ọmọdé. Ẹ ó rí i tí irun orí ọmọ á já níbì kan róbótó, awọ ibẹ̀ á máa bó bí eérú. Ọmọ bẹ́ẹ̀, kí onígbàjámọ̀ má gẹ̀ ẹ́ lọ́jọ́ náà. Kí ìyá rẹ̀ gbé e lọ sílé ìwòsàn. Ìpara nìkan kì í sábà wo ti orí, torí kòkòrò náà wà ní gbòǹgbò irun. Oògùn tí ọmọ á gbé mì fún ọ̀sẹ̀ mélòó kan ni wọ́n máa ń fún un. Kí àwọn ará ilé má sì jọ máa lo òòyà kan náà.

Aṣọ tí a ń so mọ́ ọrùn, ẹ máa fi bébà tàbí aṣọ mímọ́ kékeré tẹ́ abẹ́ rẹ̀ kó má kan awọ. Ẹ máa fọ̀ ọ́ lójoojúmọ́, kí ẹ sá a sóòrùn.

Bí a ṣe ń fọ irinṣẹ́

Àkọ́kọ́, ẹ gbọn irun dànù. Oògùn kì í ráyè ṣiṣẹ́ níbi tí ìdọ̀tí bá wà.

Èkejì, lẹ́yìn orí kọ̀ọ̀kan, ẹ fi àlùkóólù 70 tí wọ́n ń tà ní fámásì nu eyín ẹ̀rọ, àlùmọ́gàjí àti òòyà. Ẹ pa ẹ̀rọ kí ẹ tó ṣe é, ẹ jẹ́ kó gbẹ fúnra rẹ̀ kí ẹ tó tún tàn án, torí àlùkóólù máa ń gbiná. Ẹ gbọ́ o: sódábì kọ́ là ń sọ. Agbára sódábì kò tó, ti ìgò yìí sì yàtọ̀ sí ti ìgò yẹn. Lọ́fíńdà náà kò lè dípò rẹ̀.

Ẹ̀kẹta, tí ẹ̀jẹ̀ bá kan irinṣẹ́, ẹ lo omi javel. Ẹ ka ara ìgò rẹ̀. Tó bá jẹ́ pé 2,6 ni wọ́n kọ sí i, ife javel kan sí ife omi mẹ́rin. Ẹ fi ọṣẹ fọ irin náà, kí ẹ rì í sínú rẹ̀ fún ìṣẹ́jú 10. Lẹ́yìn náà, ẹ fi omi ṣàn án, ẹ nù ún gbẹ, ẹ kán òróró sí i, torí javel máa ń jẹ irin. Tó bá jẹ́ tondeuse, ẹ yọ irin ẹnu rẹ̀ nìkan. Ara ẹ̀rọ tí iná ń gbà kò gbọdọ̀ wọ omi.

Àwọn kan máa ń da àlùkóólù sí irin, wọ́n á ṣáná sí i, iná á jó wùù, ó tán. Ó dùn ún wò, ṣùgbọ́n iná tó kàn fò kọjá kò tó láti pa kòkòrò, ó sì ń mú kí irin kú. Ẹ fi sílẹ̀.

Abẹ tí ẹ ti lò, ẹ jù ú sínú agolo tó ní ìdérí. Tó bá kún, ẹ jù ú sínú ṣáláńgá. Kì í ṣe orí ààtàn níbi tí ọmọdé ń ṣeré.

Ẹ jẹ́ ká ṣírò owó rẹ̀

Onígbàjámọ̀ á ní, "Ẹ̀yin ará rédíò, níbo ni n ó ti rówó gbogbo èyí?" Ọ̀rọ̀ gidi ni. Ẹ jẹ́ ká fi ojú ọjà wò ó. Àpẹẹrẹ ni o, ẹ fi iye tó wà lọ́jà yín rọ́pò.

Ká ní abẹ kan jẹ́ 50 fránkì. Onígbàjámọ̀ tó ń fi abẹ bọ inú ìdìmú máa ń ṣẹ́ ẹ sí méjì kó tó lò ó, ààbọ̀ fún orí kan. Fránkì 25 nìyẹn. Ká ní ìgò àlùkóólù jẹ́ 1000 fránkì, kó sì tó nu irinṣẹ́ fún orí 50. Fránkì 20 lórí orí kan nìyẹn. Àpapọ̀ rẹ̀ jẹ́ 45 fránkì. Tí ẹ bá fi 50 fránkì kún owó gígẹ irun, ẹ ti rí i san, ó tún ṣẹ́ 5 kù.

Ṣé oníbàárà á san án? Ẹ tú abẹ tuntun lójú rẹ̀, kó gbọ́ bí bébà ṣe ń dún. Ẹ nu ẹ̀rọ lójú rẹ̀. Ìyá tó rí i lẹ́ẹ̀kan á tún mú ọmọ rẹ̀ wá, á sì sọ fún ìyá mìíràn lọ́jà.

Tí ó bá ti gé ènìyàn ńkọ́?

Ẹ dáwọ́ dúró. Ẹ fi omi mímọ́ àti ọṣẹ fọ ojú rẹ̀, ẹ fi aṣọ mímọ́ tẹ̀ ẹ́ títí ẹ̀jẹ̀ á fi dá. Ẹ má fi eérú tàbí epo rọ̀bì sí i. Tó bá jẹ́ abẹ tó ti kan ẹlòmíì ló gé yín, ẹ má jókòó sílé máa rò. Ẹ lọ sílé ìwòsàn lọ́jọ́ náà. Oògùn wà tó ń dènà sidá, ṣùgbọ́n ó gbọ́dọ̀ bẹ̀rẹ̀ kí wákàtí 72 tó pé. Abẹ́rẹ́ àjẹsára wà fún hépatite B pẹ̀lú, ó wà lára èyí tí wọ́n ń fún àwọn ọmọ wẹ́wẹ́. Onígbàjámọ̀ àti ọmọ ẹ̀kọ́ṣẹ́ rẹ̀ gan-an ló yẹ kó béèrè rẹ̀, torí ọwọ́ wọn ló ń kan ẹ̀jẹ̀ jù.

Ta ló wá jàre?

Àwọn àgbà ní a kì í fárí lẹ́yìn olórí. Ẹni tó ni orí gbọ́dọ̀ wà níbẹ̀. Tó bá wà níbẹ̀, kì í ṣe ọrùn nìkan ló gbé wá, ó gbé ojú àti ẹnu wá. Nítorí náà, ọmọ yẹn kò ṣẹ̀ nínú ohun tó béèrè. Ẹ̀tọ́ rẹ̀ ni.

Ṣùgbọ́n ọ̀nà tó gbà béèrè rẹ̀ le. Àárín ọjà ni, ojú ènìyàn pọ̀. Ó dà bíi pé ó fẹ̀sùn kan àgbà. Ì bá ti wí báyìí:

"Bàbá, ẹ kú iṣẹ́ o."

"Oo, ọmọ mi. Jókòó."

"Ẹ ṣé, sà. Mo ra abẹ dání. Ẹ jọ̀ọ́, ẹ bá mi fi ṣe é."

"Ó dáa, mú un wá."

Ó parí síbẹ̀. Kò sí ìjà.

Ti bàbá onígbàjámọ̀ ńkọ́? A kì í dá àgbà lẹ́jọ́ lórí rédíò. Ohun tí a lè sọ ni pé ọdún tó ti lò lẹ́nu iṣẹ́ kò lè fọ ẹ̀jẹ̀ kúrò lára abẹ. Ojú tí wọ́n fi ń wo abẹ nígbà tó bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ kọ́ la fi ń wò ó mọ́. Tó bá pa abẹ dà kí ẹnikẹ́ni tó béèrè, kò sí ọmọdé tí yóò rí i fín. Kí àwọn àgbà abúlé pè wọ́n jọ, kí ọmọ náà kúnlẹ̀ tọrọ àforíjì fún bó ṣe sọ̀rọ̀, kí bàbá náà sì bẹ̀rẹ̀ sí í lo abẹ tuntun fún orí kọ̀ọ̀kan. Àwọn méjèèjì á jàre.

Ìbéèrè fún ẹgbẹ́ olùgbọ́

1. Orí mélòó ni abẹ kan ń fá lábúlé yín? Ta ló lè lọ bá onígbàjámọ̀ sọ̀rọ̀ láìdójú tì í?
2. Èló ni abẹ àti àlùkóólù lọ́jà yín? Ẹ ṣírò iye tó máa bọ́ sí lórí orí kan.
3. Ta ló ní abẹ gbẹ́rẹ́ tàbí òòyà tí gbogbo ilé jọ ń lò? Kí lẹ fẹ́ ṣe sí i?
4. Ṣé ọmọ kan wà tí làpálàpá wà lórí rẹ̀? Ta ló máa bá ìyá rẹ̀ lọ sílé ìwòsàn?

Kí akọ̀wé ẹgbẹ́ kọ ìdáhùn yín sílẹ̀, kí ẹ fi ránṣẹ́ sí wa. Ẹgbẹ́ tó fi ọ̀rọ̀ yìí ránṣẹ́, ẹ sọ bó ṣe yọrí fún wa. Ká pàdé lọ́sẹ̀ tó ń bọ̀. Ó dàbọ̀ o.