Èló ni ẹ ó san kí ilé yìí tó di tiyín?

LẸ́TÀ: Nọ́ọ̀sì ni mí ní ilé ìwòsàn ìjọba àpapọ̀ kan n'Íbàdàn, tíṣà ni ọkọ mi, Ọlọ́run sì fi ọmọ mẹ́ta ta wá lọ́rẹ. Owó ilé tí à ń gbé ti fẹ́rẹ̀ẹ́ di ìlọ́po méjì láàárín ọdún mẹ́ta, onílé sì ní òun tún ń bọ̀ wá fi owó kún un. A rí búńgálò oníyàrá mẹ́ta kan, ₦14,000,000 ni wọ́n ń tà á. ₦4,000,000 wà lọ́wọ́ wa. Báńkì kan ní òun á yá wa ní ₦10,000,000 tó kù, ká fi ilé náà dógò, ká máa san ₦185,706 lóṣooṣù fún ogún ọdún. Owó oṣù àwa méjèèjì lé díẹ̀ ní ₦500,000. A ti jókòó ṣírò rẹ̀, apá wa á ká a. Ọkọ mi ti fẹ́ fọwọ́ sí ìwé, ọkàn tèmi ni kò tíì balẹ̀, mi ò sì mọ ohun tó ń kọ mí lóminú. Mo tún máa gba àjọ ₦1,200,000 nígbà tí a bá ti san owó náà fún ọdún kan. Ọkọ mi ní ká fi pààrọ̀ mọ́tò. Kí lẹ rí sí i? – Ìyá ọlọ́mọ mẹ́ta, Ìbàdàn.

ÌDÁHÙN: Ìyá ọlọ́mọ mẹ́ta, ẹ kú ìtọ́jú ọmọ, ẹ sì kú ìfaradà onílé. Ó jọ pé mo mọ ohun tó ń kọ yín lóminú. Ẹ sọ iye tí wọ́n ń ta ilé, ẹ sọ iye tí ẹ ó máa san lóṣù, ṣùgbọ́n kò síbi tí ẹ ti sọ iye tí yóò ti kúrò lọ́wọ́ yín lọ́jọ́ tí ẹ bá san gbèsè náà tán. Bóyá báńkì ò sọ ọ́ fún yín. Ẹ ò sì dárúkọ èlé, àmọ́ owó oṣooṣù tí ẹ kọ ti tú àṣírí rẹ̀: ìdá 22 nínú 100 lọ́dún ni.

Ẹ jẹ́ ká ṣírò rẹ̀. ₦185,706 lọ́nà 240 oṣù jẹ́ ₦44,569,440. Ẹ wá fi ₦4,000,000 tiyín lé e. Ilé tí wọ́n pè ní mílíọ̀nù mẹ́rìnlá yóò gba owó tó lé ní mílíọ̀nù 48 àti ààbọ̀ lọ́wọ́ yín. Ìyẹn ni iye rẹ̀. ₦185,706 tí òṣìṣẹ́ báńkì kọ sórí bébà fún yín, bí wọ́n ṣe gé e wẹ́wẹ́ ni, kó má baà fún yín lọ́rùn.

Ẹ padà lọ bá wọn, kí ẹ ní kí wọ́n tẹ ìwé ìsanwó oṣù dé oṣù jáde fún yín, láti oṣù kìíní dé oṣù 240. Ẹ̀tọ́ yín ni, kì í sì í gba kọ̀ǹpútà wọn ní ìṣẹ́jú kan. Ìlà kìíní ni kí ẹ fi ìka lé. Ẹ ó rí i pé nínú ₦185,706 tí ẹ san lóṣù àkọ́kọ́, ₦183,333 bá èlé lọ. ₦2,373 péré ló kan ojú owó. Ní òpin ọdún kìíní, ẹ ó ti san ₦2,228,472, ohun tó sì máa dín nínú ₦10,000,000 kò ju nǹkan bí ₦31,500 lọ. Ẹ san án dé ọdún karùn-ún, ẹ ó ti san ju mílíọ̀nù 11 lọ, ẹ ó ṣì jẹ wọ́n ní ₦9,740,000 ó lé díẹ̀. Ẹ san án dé ọdún kẹwàá, tí àkọ́bí yín ti lè wọ yunifásítì, ẹ ó ti san ju mílíọ̀nù 22 lọ, gbèsè yín á ṣì fẹ́rẹ̀ẹ́ tó mílíọ̀nù mẹ́sàn-án. Ó di nǹkan bí ọdún kẹtàdínlógún kí ẹ tó san ìdajì ojú owó.

Láyé àwọn baba wa, ẹni tó bá yá owó lè fi ara rẹ̀ tàbí ọmọ rẹ̀ sọfà lọ́dọ̀ olówó. Gbogbo iṣẹ́ tí ìwọ̀fà bá ṣe lóko olówó, èlé ni. Ì báà sìn ín fún ọdún mẹ́wàá, oókan kò ní í kúrò nínú owó tí wọ́n yá. Ọjọ́ tí ẹbí bá kó owó náà kalẹ̀ pérépéré ni yóò tó bọ́. Ọdún mẹ́wàá àkọ́kọ́ nínú ìwé tí wọ́n gbé síwájú yín kò fi bẹ́ẹ̀ yàtọ̀ sí ìyẹn. Mi ò sọ èyí láti bú báńkì. Owó tí àwọn náà yá lọ́wọ́ aráàlú, èlé ni wọ́n ń san lórí rẹ̀. Ohun tó dùn mí ni pé tọkọtaya tó ń ṣiṣẹ́ òógùn bíi tiyín lè fọwọ́ síwèé láìjẹ́ pé ẹnì kankan jókòó tì wọ́n láti fi ìlà kìíní yẹn hàn wọ́n.

Ẹnìkan á ní ogún ọdún sí àsìkò yìí, kí ni ₦185,706 á tún jẹ́? Òótọ́ ni, ó yẹ ká gbé e yẹ̀ wò. Ní ìparí ọdún 2024, iye tí Àjọ Ìṣirò Orílẹ̀-èdè gbé jáde fún ọ̀wọ́n gógó ọjà lé ní ìdá 30 nínú 100. Bí ọjà bá ń gbówó lórí bẹ́ẹ̀, tí owó oṣù yín náà ń gòkè, owó ilé tó ń ni yín lára lónìí lè fúyẹ́ tó bá yá. Ilé náà á sì máa níye lórí sí i. Ìdí nìyí tí mi ò fi ní sọ fún yín pé kí ẹ má yáwó rárá. Àmọ́ àbùkù méjì wà lára ọ̀rọ̀ yẹn. Èkínní, ẹ̀yin lẹ mọ̀ bóyá owó oṣù tíṣà àti ti nọ́ọ̀sì ń bá ọjà sáré. Ẹni tó bá lọ sọ́jà Bódìjà láàárọ̀ Sátidé ti ní ìdáhùn lọ́wọ́. Èkejì, báńkì náà mọ̀ pé owó ń yẹ̀, ìyẹn ni wọ́n ṣe sábà máa ń kọ ọ́ sínú ìwé pé èlé lè yí padà.

Ẹ wá gbólóhùn yẹn nínú ìwé tí wọ́n fún yín. Títí di oṣù karùn-ún ọdún 2022, ìdá 11.5 ni èlé ìpìlẹ̀ tí Báńkì Àpapọ̀ ilẹ̀ wa, CBN, gbé kalẹ̀. Nígbà tí ó fi di oṣù kọkànlá ọdún 2024, ó ti di 27.5. Kò pé ọdún mẹ́ta. Bí tiyín bá gòkè láti 22 lọ sí 27, èlé nìkan lórí mílíọ̀nù mẹ́wàá jẹ́ ₦225,000 lóṣù. Ẹ rí i pé ó ti ju gbogbo ohun tí ẹ ń san lọ. Yálà kí báńkì fi owó kún owó oṣooṣù yín, tàbí kí ẹ máa san án kí gbèsè sì máa ga sí i. Nítorí náà, kí ẹ tó ní apá yín ká ₦185,706, ẹ bi ara yín bóyá ó ká ₦230,000.

Ibi tí mo ti fẹ́ kí ẹ fara balẹ̀ jù lọ nìyí, nítorí ọwọ́ yín ló wà: iye ọdún. Púpọ̀ nínú wa gbà pé bí ọdún bá ti pọ̀ tó ni ara ṣe máa tù wá tó. Bí èlé bá kéré, òótọ́ díẹ̀ wà níbẹ̀. Bí èlé bá jẹ́ 22, kò rí bẹ́ẹ̀ mọ́. Owó kan náà, èlé kan náà, bí ẹ bá sọ ọ́ di ọdún 15, ₦190,576 ni ẹ ó máa san lóṣù, àfikún rẹ̀ ò tó ₦5,000. Kò tó owó tí à ń ra káàdì fóònù lóṣù. Síbẹ̀, àpapọ̀ á já láti mílíọ̀nù 44 àti ààbọ̀ sí mílíọ̀nù 34 ó lé díẹ̀. Ẹ sọ ọ́ di ọdún mẹ́wàá, ẹ ó máa san ₦206,697, àpapọ̀ rẹ̀ ò sì ní í pé mílíọ̀nù 25. Ẹgbẹ̀rún mọ́kànlélógún náírà lóṣù ló wà láàárín kí ẹ san gbèsè fún ogún ọdún àti kí ẹ san án fún mẹ́wàá. Mo bẹ̀ yín, ẹ fi ìṣirò yìí han ọkọ yín lálẹ́, nígbà tí àwọn ọmọ bá ti sùn.

Ọ̀rọ̀ àjọ náà kò jìnnà síbẹ̀. Ká ní ẹ tiẹ̀ gba ti ogún ọdún yẹn. Bí ẹ bá kó ₦1,200,000 náà fún báńkì ní òpin ọdún kìíní, tí ẹ sì kọ̀wé sí wọn pé ojú owó ni kí wọ́n fi dín, tí ẹ ń san ₦185,706 yín lọ bó ṣe wà, gbèsè tó ku ọdún mọ́kàndínlógún á ku ọdún mẹ́sàn-án ó lé díẹ̀. Owó tí ẹ ò ní í san mọ́ á ju mílíọ̀nù ogún lọ, lẹ́yìn tí a bá ti yọ owó àjọ náà kúrò. Bí ẹ bá dúró di ọdún kẹwàá kí ẹ tó mú irú owó bẹ́ẹ̀ lọ, ìrànlọ́wọ́ tó máa ṣe kò ní í sún mọ́ èyí rárá. Mọ́tò tí ẹ ní lọ́wọ́, bó bá ṣì ń gbé yín débi iṣẹ́, ẹ jẹ́ kó máa gbé yín.

Kí ẹ tó gba owó báńkì yìí rárá, ẹ mú ìwé owó oṣù yín jáde. Ó yẹ kí ẹ rí ìlà kan níbẹ̀ tí wọ́n kọ NHF sí. National Housing Fund nìyẹn, owó ilé gbígbé tí ìjọba dá sílẹ̀ lọ́dún 1992, ìdá 2.5 nínú 100 ni wọ́n ń yọ lára owó òṣìṣẹ́ sí i. Federal Mortgage Bank of Nigeria ló ń bójú tó o. Ẹni tó bá ti dá owó náà fún oṣù mẹ́fà lẹ́tọ̀ọ́ láti béèrè fún owó ilé, ìdá mẹ́fà sì ni èlé rẹ̀. Mẹ́fà, kì í ṣe 22. Mílíọ̀nù mẹ́wàá ní ìdá mẹ́fà fún ogún ọdún, ₦71,643 ni lóṣù, àpapọ̀ rẹ̀ jẹ́ nǹkan bíi mílíọ̀nù 17. Bí ẹ bá lè máa san ₦111,020, ọdún mẹ́wàá ni ẹ ó fi parí, àpapọ̀ á sì lé díẹ̀ ní mílíọ̀nù 13. Ọ̀pọ̀ òṣìṣẹ́ ni wọ́n ń yọ owó yìí lọ́wọ́ wọn títí wọn ó fi fẹ̀yìn tì láìbéèrè fún un. Mo mọ̀ pé ìwé rẹ̀ pọ̀, kì í sì í yá bọ̀rọ̀. Báńkì mọ́géèjì kan ló máa bá yín gbé ìwé lọ, ìwé ilé náà gbọ́dọ̀ mọ́ láìní àríyànjiyàn, ẹ sì gbọ́dọ̀ san án tán kí ẹ tó kúrò lẹ́nu iṣẹ́. Àmọ́ bí ẹ tiẹ̀ fi odidi ọdún kan dúró dè é, ìyàtọ̀ mílíọ̀nù 27 ló wà níbẹ̀. Ẹ bi ọkọ yín bóyá wọ́n ń yọ ọ́ lára owó oṣù tiwọn náà.

Àwọn ìnáwó kéékèèké tún wà tí kì í sí nínú owó oṣooṣù: owó lọ́yà, owó ẹni tó máa díye lé ilé, owó òǹtẹ̀ ìjọba, owó adójútòfò iná, àti ti ìwé àṣẹ gómìnà, nítorí Òfin Ìlò Ilẹ̀ ti ọdún 1978 kò gbà kí èèyàn fi ilẹ̀ dógò láìjẹ́ pé gómìnà fọwọ́ sí i. Ẹ ní kí wọ́n kọ gbogbo rẹ̀ sílẹ̀ fún yín pẹ̀lú iye. Bí ẹ bá kó ₦4,000,000 yín sílẹ̀ tán, níbo lẹ fẹ́ ti rí owó ìwọ̀nyí?

Ní báńkì, ìbéèrè mẹ́ta ni kí ẹ má gbàgbé. Ṣé orí ohun tó kù lọ́rùn wa ni ẹ ó ti máa ṣírò èlé, àbí orí mílíọ̀nù mẹ́wàá títí dé òpin? Bí wọ́n bá ní títí dé òpin, ẹ dìde. Ṣé ìtanràn wà bí a bá san án tán ṣáájú àsìkò? Bí èlé bá yí padà, ta ni yóò sọ fún wa, ọjọ́ mélòó ṣáájú? Kí wọ́n kọ ìdáhùn sílẹ̀, ọ̀rọ̀ ẹnu òṣìṣẹ́ kò tó, nítorí wọ́n lè gbé e lọ sí ẹ̀ka mìíràn lóṣù tó ń bọ̀.

Ó ku ohun kan tí ẹ ò béèrè. Owó oṣù ẹ̀yin méjèèjì lẹ jọ fẹ́ fi san án, nítorí náà kí orúkọ ẹ̀yin méjèèjì wà lórí ìwé ilé, kì í ṣe lórí ìwé gbèsè nìkan. Kí ẹ sì béèrè fún adójútòfò ẹ̀mí tó máa san gbèsè náà bí ohunkóhun bá ṣe ọ̀kan nínú yín. Ọlọ́run ò ní í jẹ́ kí a nílò rẹ̀. Bí báńkì bá ti tẹ ìwé ìsanwó yẹn jáde, tí ohun kan ò bá yé yín níbẹ̀, ẹ fi ẹ̀dà rẹ̀ ránṣẹ́ sí wa kí ẹ tó fọwọ́ sí i.