Ada Blackjack ní Erékùṣù Wrangel
Bíbélì kíkà: 2 Àwọn Ọba 4:1–7

Ẹ̀yin ìyá wa nínú Olúwa, nígbà tí opó inú ẹsẹ yìí ké tọ Èlíṣà lọ nítorí gbèsè àti nítorí àwọn ọmọ rẹ̀, wòlíì náà bi í léèrè ohun tí ó ní nílé. Òróró díẹ̀ ni tirẹ̀. Abẹ́rẹ́ ni ti Ada Blackjack.

Ọmọ ẹ̀yà Iñupiat ni Ada, ní Alaska, ilẹ̀ olótùútù ní Amẹ́ríkà. Àwọn míṣọ́nnárì Mẹ́tọ́díìsì ni ó kọ́ ọ ní ìwé kíkà àti aṣọ rírán. Ìgbéyàwó rẹ̀ túká, ọmọ méjì kú mọ́ ọn lọ́wọ́, ikọ́ ife sì ń dààmú Bennett, ọ̀kan ṣoṣo tí ó ṣẹ́kù. Kò rí owó ìtọ́jú, ni ó bá fi ọmọ sí ilé ọmọ aláìlóbìí. Ní 1921, ó gba iṣẹ́ aṣọ rírán ní 50 dọ́là lóṣù, ó bá ọkùnrin mẹ́rin lọ sí Erékùṣù Wrangel, ní àríwá Siberia.

Ọkọ̀ tí ó yẹ kí ó kó oúnjẹ wá ní 1922 kò rí ọ̀nà gbà nítorí yìnyín. Ní oṣù kìíní 1923, mẹ́ta nínú àwọn ọkùnrin náà gba orí yìnyín lọ wá ìrànlọ́wọ́. A kò gbúròó wọn mọ́. Lorne Knight tí ó kù dùbúlẹ̀ àìsàn. Ada ń tọ́jú rẹ̀, síbẹ̀ ó ń bú u. Ada kọ ọ́ sílẹ̀ pé ọkùnrin náà kì í rò ó bí ó ti nira tó fún obìnrin kan láti ṣe iṣẹ́ ọkùnrin mẹ́rin. Ẹ̀yin tí ẹ ti tọ́jú aláìsàn rí, ẹ mọ ọ̀rọ̀ yìí.

Knight kú ní oṣù kẹfà. Ó wá ku Ada àti ológbò kan.

Ẹ jẹ́ kí a dúró díẹ̀ níbí. Obìnrin yìí bẹ̀rù béárì funfun gidigidi, kò sì mọ ìbọn yìn nígbà tí ó kúrò nílé. Díẹ̀díẹ̀ ni ó kọ́ bí a ti ń dẹ tàkúté fún kọ̀lọ̀kọ̀lọ̀, ó kọ́ bí a ti ń yìnbọn pa ẹyẹ, ó kan àtẹ́lẹ̀ gíga kan kí ó lè máa rí béárì lókèèrè. Abẹ́rẹ́ rẹ̀ kò sì sinmi. Ó kọ̀wé sílẹ̀ pẹ̀lú, pé bí òun bá kú, kí arábìnrin òun gba Bennett tọ́.

Ní oṣù kẹjọ 1923, ọkọ̀ kan dé, ó gbé e lọ sílé. Àwọn oníwèé-ìròyìn ń pè é ní Robinson Crusoe obìnrin. (Crusoe kò kúkú ní ọmọ tí ń ṣàìsàn nílé.) Owó tí wọ́n san fún un kò tó iye tí ó ń retí, ṣùgbọ́n òun ni ó fi gbé Bennett lọ fún ìtọ́jú ní Seattle. Bennett wà láàyè títí di 1972.