Àgbá Òfìfo Inú Ọkọ̀ Agbépo

Àwọn àgbà a máa wí pé àgbá òfìfo ni ariwo rẹ̀ ń pọ̀. Nínú ọkọ̀ òkun agbépo, àgbá òfìfo kì í pariwo; pípa ni ó ń pa ènìyàn.

Láti oṣù Fẹ́búárì ọdún 1958, nígbà tí epo rọ̀bì ilẹ̀ Nàìjíríà kọ́kọ́ gba Port Harcourt lọ sí òkè òkun, ni irú ọkọ̀ bẹ́ẹ̀ ti ń gbé epo ní etíkun ilẹ̀ náà. Bí ọkọ̀ náà ti tóbi tó, òṣìṣẹ́ inú rẹ̀ sábà máa ń wà láàrin ogún sí ọgbọ̀n péré. Àwọn tí ń ṣọ́ ọkọ̀ a máa ṣiṣẹ́ fún wákàtí 4, wọn a sì kúrò lẹ́nu ìṣọ́ fún wákàtí 8, tọ̀sán-tòru. Igbákejì ọ̀gá ọkọ̀ ni ó ń bójú tó epo. Ẹnikẹ́ni kò gbọdọ̀ mu sìgá àfi ní ibi tí a yà sọ́tọ̀ fún un.

Oru epo ni ó ń gbaná, nígbà tí ó bá dàpọ̀ mọ́ afẹ́fẹ́. Bí epo bá kún àgbá, àyè afẹ́fẹ́ kò pọ̀. Bí a bá já epo tán, oru a ṣẹ́kù, afẹ́fẹ́ a sì wọlé bá a.

Ní oṣù Disẹ́ḿbà ọdún 1969, ọkọ̀ agbépo ńlá mẹ́ta, Marpessa, Mactra àti Kong Haakon VII, bú gbàmù láàrin ọ̀sẹ̀ mẹ́ta. Gbogbo wọn ni ó ti já epo wọn, tí a sì ń fi omi alágbára fọ àgbá wọn. Marpessa rì. Ìwádìí fi hàn pé omi tí a ń tú tagbára-tagbára lè dá iná mànàmáná sílẹ̀ nínú àgbá, kí ó sì ran oru epo.

Lẹ́yìn náà ni òfin àgbáyé pàṣẹ pé kí àwọn ọkọ̀ agbépo ńlá máa fẹ́ èéfín ẹ̀rọ tí a ti fọ̀ mọ́ sínú àgbá, kí ọ́síjìn ibẹ̀ má ju ìdá 8 nínú ọgọ́rùn-ún lọ. Iná kò lè jó níbẹ̀. Ṣùgbọ́n ènìyàn pẹ̀lú kò lè mí níbẹ̀, nítorí ìdá 21 ni ọ́síjìn inú afẹ́fẹ́ tí a ń mí sí.

Nítorí náà, kí ẹnikẹ́ni tó wọ àgbá, a gbọ́dọ̀ fẹ́ afẹ́fẹ́ tútù sí i, kí a sì fi ẹ̀rọ wọ̀n ọ́n. Ẹnìkan yóò dúró lẹ́nu ọ̀nà. Bí ẹni tí ó wọlé bá ṣubú, òfin tí ó le jù lọ ni pé kí ẹni tí ó dúró má ṣe kó sí i. Kí ó ké sí àwọn tí yóò gbé ẹ̀rọ ìmí wọ̀. Ọ̀pọ̀ tí ó kú nínú àgbá ni ó jẹ́ pé ẹlẹgbẹ́ wọn ni wọ́n fẹ́ yọ.

Ẹ̀kọ́ yìí kan kànga ilé pẹ̀lú. Bí ẹnìkan bá dákú nínú kànga, àánú nìkan kò tó. Kí a má ṣe fi òkú kejì kún ti àkọ́kọ́.