ÌṢUBÚ LÓRÍ BÀTÀ ONÍTÁYÀ: OHUN TÍ ÀMÌ ILÉ ÌWÒSÀN Ń BÉÈRÈ LỌ́WỌ́ ÈDÈ WA

Ìfáárà

Àwọn àgbà bọ̀, wọ́n ní bí ọmọdé bá ṣubú, a máa wo iwájú. Bí àgbà bá ṣubú, a máa wo ẹ̀yìn. Ọmọdé ń wo ẹni tí yóò gbé e dìde. Àgbà ń wo ohun tí ó gbé e ṣubú. Àwọn tí ń ṣe àkọsílẹ̀ ní ilé ìwòsàn ní láti wo ọ̀nà méjèèjì. Wọ́n ní àmì kan fún ìpalára, wọ́n sì ní òmíràn fún ohun tí ó fà á. Nínú àpilẹ̀kọ yìí, a óò fi ìṣubú ẹni tí ó wọ bàtà onítáyà, èyí tí àwọn ọ̀dọ́ ń pè ní sìkéètì, ṣe àpẹẹrẹ, kí a lè rí ibi tí èdè Yorùbá ti là á yéni àti ibi tí ó ti yẹ kí ògbufọ̀ tún béèrè ọ̀rọ̀.

Ohun tí ó mú mi ronú sí i

Ní ọjọ́ kan, mo tẹ̀lé ìyá ọ̀rẹ́ mi lọ sí ilé ìwòsàn kan. Àbúrò ọ̀rẹ́ mi ni ó ṣubú lórí sìkéètì. Nọ́ọ̀sì tí a bá níbẹ̀ kò gbọ́ Yorùbá, nítorí náà èmi ni mo ṣe ògbufọ̀. Màmá ní, "Ojú títì ni ó ti ṣubú, ọwọ́ rẹ̀ sì ṣẹ́." Mo túmọ̀ rẹ̀ kíákíá. Ohun tí wọ́n kọ sínú káàdì ni pé ọmọ náà ní jàm̀bá ọkọ̀, egungun ọwọ́ rẹ̀ sì dá. Bẹ́ẹ̀ ni ọkọ̀ kankan kò fara kàn án. Nígbà tí wọ́n ya àwòrán ọwọ́ náà, egungun kankan kò dá. Ọrùn-ọwọ́ ni ó rọ́. Nígbà tí mo ka káàdì náà fún Màmá, ó bi mí pé, "Ọmọ mi, ọkọ̀ ta ni ó wá gbá a?" N kò rí èsì fọ̀. Ẹ̀bi náà kì í ṣe ti nọ́ọ̀sì, tèmi ni.

Ìwé tí àwọn àmì náà ti wá

Ní ọdún 1893 ni Jacques Bertillon, ará Faransé, gbé ìwé kan tí a to ohun tí ń pa ènìyàn sí kalẹ̀ níwájú ìpàdé àwọn onímọ̀ ìṣirò ní Chicago. Ní 1948, Àjọ Ìlera Àgbáyé gba iṣẹ́ náà, wọ́n sì fi àìsàn àti ìpalára tí kò pa ènìyàn kún un. Ẹ̀dà kẹwàá, ICD-10, ni wọ́n fọwọ́ sí ní 1990. Ẹ̀dà kọkànlá bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ ní ọjọ́ kìíní oṣù kìíní ọdún 2022, ṣùgbọ́n ọ̀pọ̀ ibi ni ó ṣì ń lo ti kẹwàá.

Nínú ICD-10 ti àgbáyé, àmì kan ṣoṣo, W02, ni ó wà fún ìṣubú ẹni tí ó wọ bàtà orí yìnyín, bàtà onítáyà tàbí tí ó gun pákó onítáyà. Àwọn ará Amẹ́ríkà fẹ ìwé yìí lójú fún ìlò tiwọn, wọ́n pè é ní ICD-10-CM, wọ́n sì bẹ̀rẹ̀ sí í lò ó ní ọjọ́ kìíní oṣù kẹwàá ọdún 2015. Nínú tiwọn, bàtà tí táyà rẹ̀ tò tẹ̀ léra ní ìlà kan ní àmì tirẹ̀, èyí tí táyà rẹ̀ wà ní méjì méjì sì ní tirẹ̀. Ti Amẹ́ríkà yìí ni a óò yẹ̀ wò.

Bí a ṣe ń ka àmì náà

Ẹ jẹ́ kí a wo àpẹẹrẹ méjì:

(1) S52.531A
(2) V00.111A

Ìpalára ni (1) ń sọ. S52 ni egungun apá, láti ìgúnpá dé ọrùn-ọwọ́, tí ó dá. Nọ́ńbà 5 tí ó tẹ̀ lé e tọ́ka sí ìsàlẹ̀ egungun tí ó wà níhà àtàǹpàkò. Nọ́ńbà 3 ni irú dídá tí Abraham Colles, oníṣẹ́ abẹ ará Ireland, ṣàpèjúwe ní 1814. Nọ́ńbà 1 ni ọwọ́ ọ̀tún. Bí ó bá jẹ́ òsì, 2 ni a óò kọ. A ń sọ pé egungun náà kò yọ síta, àti pé ìtọ́jú rẹ̀ gan-an ṣì ń lọ lọ́wọ́.

Ohun tí ó fà á ni (2) ń sọ: ẹni náà ṣubú lórí bàtà tí táyà rẹ̀ tò ní ìlà kan. Bí ó bá jẹ́ pé ó lọ kọlu ògiri tàbí òpó, V00.112A ni. Bí ọkọ̀ ayọ́kẹ́lẹ́ bá gbá a ní ojú títì, a ti kúrò ní V00 pátápátá, V03.11XA ni a óò kọ. A tún lè fi Y92 sọ ibi tí ó ti ṣẹlẹ̀, kí a sì fi Y93.51 sọ pé eré sìkéètì ni ó ń ṣe. Àmì ìdí kì í ṣáájú; ìpalára ni a ń kọ ṣíwájú.

Ohun tí Yorùbá sọ àti èyí tí kò sọ

Bí a bá wo ọ̀rọ̀-ìṣe wa fínnífínní, a óò rí i pé èdè wa kò tòṣì níhìn-ín. Egungun a máa dá, a sì máa kán. Oríkèé a máa yẹ̀. Ọrùn-ẹsẹ̀ a máa rọ́. Awọ ara a máa bó. Ìwé àwọn Amẹ́ríkà náà ya dídá, yíyẹ̀, rírọ́ àti bíbó sọ́tọ̀ọ̀tọ̀.

Ṣùgbọ́n ẹ wo "ṣẹ́". A ń sọ pé "igi ṣẹ́", ìyẹn ni pé ó dá sí méjì. A tún ń sọ pé "mo fi ẹsẹ̀ ṣẹ́", tí egungun kankan kò sì dá. Nítorí náà, "ọwọ́ rẹ̀ ṣẹ́" ní ìtumọ̀ méjì: ọ̀kan yóò lọ sí S52, èkejì sí S63 tí ó jẹ́ ti rírọ́ ọrùn-ọwọ́. Dókítà ni yóò sọ èwo ni, akọ̀wé kò gbọdọ̀ méfò. Ṣùgbọ́n ògbufọ̀ pẹ̀lú kò gbọdọ̀ yan ọ̀kan fún un.

Ọ̀rọ̀-orúkọ náà ń kọ́? "Ọwọ́" lè bẹ̀rẹ̀ láti èjìká títí dé orí ìka, bí "ẹsẹ̀" ṣe lè bẹ̀rẹ̀ láti itan dé àtẹ́lẹsẹ̀. Kì í ṣe pé a kò ní apá, ìgúnpá, ọrùn-ọwọ́ àti àtẹ́lẹwọ́; a kàn kì í sábà pè wọ́n àfi bí a bá bi wá ni. Bákan náà, "ó ṣubú ní títì" sọ ibi tí ó ti ṣubú, kò sọ ohun tí ó gbé e ṣubú. Èmi ni mo sọ ibi di ìdí.

Àǹfààní rẹ̀

Ẹnìkan lè ní, kí ni ọ̀rọ̀ pọ̀ sí, ṣebí ọmọ náà ti gbádùn? Ẹ jẹ́ kí a wo ohun tí àkọsílẹ̀ tí ó péye ṣe. Ní Amẹ́ríkà, ètò míràn wà tí ó ń fún ohun èlò tí ó bá ṣe ènìyàn léṣe ní nọ́ńbà nínú àkọsílẹ̀ ilé ìwòsàn. Láti inú rẹ̀ ni àwọn olùwádìí ti rí àwọn tí sìkéètì ṣe léṣe ní 1992 àti 1993. Wọ́n fi ọ̀rọ̀ wá ènìyàn 161 lẹ́nu wò, wọ́n sì tẹ àbájáde rẹ̀ jáde nínú New England Journal of Medicine ní 1996. Ọrùn-ọwọ́ ni ìpalára ti pọ̀ jù: ìdá 32 nínú 100. Ìṣirò wọn fi hàn pé ewu ìpalára ọrùn-ọwọ́ fún ẹni tí kò wọ ìdè líle tí ń dáàbò bo ọrùn-ọwọ́ tó bí ìlọ́po 10 ti ẹni tí ó wọ̀ ọ́. Bí ó bá jẹ́ pé "jàm̀bá ọkọ̀" ni wọ́n kọ sínú káàdì wọn, ta ni ìbá wá wọn rí?

Ìparí

Ọ̀pọ̀ nínú àwa tí a ń kọ́ Yorùbá ni yóò ṣe ògbufọ̀ lọ́jọ́ kan, ìbáà ṣe fún ìyá ẹlòmíràn. Nítorí náà, kí a tó túmọ̀, ẹ jẹ́ kí a kọ́kọ́ béèrè nǹkan márùn-ún yìí ní Yorùbá:

(i) Ibo gan-an ni ó ń dùn ún: apá, ìgúnpá, ọrùn-ọwọ́ tàbí ìka?
(ii) Ọ̀tún ni tàbí òsì?
(iii) Ṣé ó ṣubú ni, ṣé ó kọlu nǹkan, tàbí nǹkan ni ó kọlù ú?
(iv) Kí ni ó wọ̀ sẹ́sẹ̀, tàbí kí ni ó gùn?
(v) Níbo ni ó ti ṣẹlẹ̀?

Ká ní mo béèrè ẹ̀kẹta nìkan lọ́wọ́ Màmá, ọkọ̀ kì bá tí wọ inú káàdì ọmọ rẹ̀.