Hudhuda Tí A Kò Rí Lórí Ìlà: Ìbáwí Òṣìṣẹ́ Tí Ó Pa Iṣẹ́ Jẹ

Ọpẹ́ ni fún Ọlọ́hun Allāh, Olúwa gbogbo ẹ̀dá. Ìkẹ́ àti ọlà Rẹ̀ kí ó máa bá Ànábì Muhammad, àwọn ará ilé rẹ̀ àti àwọn Sàábé rẹ̀. Ẹ̀yin ẹrúsìn Ọlọ́hun, mo gba ara mi àti ẹ̀yin náà níyànjú pé kí á páyà Ọlọ́hun.

Láìpẹ́ yìí, ọ̀dọ́mọkùnrin kan dúró dè mí lẹ́nu ọ̀nà mọ́sálásí. Ilé búrẹ́dì ni ó ti ṣiṣẹ́ fún ọdún mẹ́ta. Ìyá rẹ̀ ṣàìsàn ní abúlé, ó gbéra láìsọ fún ẹnikẹ́ni, ó sì lo ọjọ́ mẹ́ta níbẹ̀. Nígbà tí ó padà dé, ọ̀gá rẹ̀ lé e láti ẹnu ilẹ̀kùn, kò sì san owó ọjọ́ 21 tí ó ti ṣe nínú oṣù náà. Ọ̀gá yìí kì í ṣe òǹrorò ènìyàn. Ìlà iwájú ni ó ti ń kírun. Ìdí nìyí tí kutubah òní fi dá lórí ọ̀rọ̀ yìí.

Ẹ ṣí Sūratu n-Naml, láti āyah 20 títí dé 28. Ànábì Sulaimán bẹ àwọn ẹyẹ rẹ̀ wò, kò rí Hudhuda. Ara rẹ̀ ni ó kọ́kọ́ bi léèrè, pé kí ló dé tí òun kò rí ẹyẹ náà, kí ó tó béèrè bóyá ẹyẹ náà ni kò wá. Ọ̀pọ̀ nínú àwa ọ̀gá kì í bẹ̀rẹ̀ láti ibẹ̀. A ti lè rán ọmọ iṣẹ́ lọ síbòmíràn, kí á sì gbàgbé!

Lẹ́yìn náà ni ó ní òun yóò fi ìyà líle jẹ ẹ́, tàbí kí òun dúńbú rẹ̀, àyàfi bí ó bá mú àwíjàre tí ó yanjú wá. Ìsáǹsá kúrò nínú ẹgbẹ́ ogun kì í ṣe ohun àwàdà, kò sì fi ṣe àwàdà. Ṣùgbọ́n “àyàfi” yẹn ni òpó tí ó gbé ìdájọ́ náà dúró, òun gan-an ni ọ̀pọ̀ wa sì ń yọ kúrò. Nígbà tí Hudhuda dé, Sulaimán gbọ́ ọ̀rọ̀ rẹ̀ dópin. Kò gbà á gbọ́ lójú ẹsẹ̀, kò sì pè é ní òpùrọ́. Ó ní òun yóò wádìí, ó sì fún un ní lẹ́tà kí ó gbé e lọ. Ẹni tí ẹjọ́ rẹ̀ kò tíì parí, iṣẹ́ ni wọ́n fi rán an.

Ẹni tí kò ní àwíjàre ńkọ́? Ní ọdún 9 Hijrah, Kaʿb ọmọ Mālik kò lọ sí ogun Tabūk. Ó wá síwájú Ànábì, ó sì jẹ́wọ́ pé òun kò ní ìdí kankan. Fún òru 50 ni àwọn ènìyàn kò fi bá òun àti àwọn méjì mìíràn sọ̀rọ̀. Ìyà ńlá ni, ṣùgbọ́n ó ní òpin. Nígbà tí ìdáríjì dé, tí Kaʿb fẹ́ fi gbogbo dúkìá rẹ̀ ṣe sàráà, Ànábì ní kí ó fi apá kan sílẹ̀ fún ara rẹ̀. Bẹ́ẹ̀, ìpè ogun ni ó pa jẹ o. Ìdajì ọjọ́ ní ṣọ́ọ̀bù kì í ṣe Tabūk.

Ní ti owó, àwọn onímọ̀ fiqh sọ pé òṣìṣẹ́ tí a ń san owó àkókò rẹ̀ kò ní ẹ̀tọ́ sí owó ọjọ́ tí kò yọjú. Nítorí náà, kí ọ̀gá yọ owó ọjọ́ mẹ́ta, kò jẹ̀bi. Owó ọjọ́ 21 kì í ṣe tirẹ̀ mọ́. Ó wà nínú hádíìsì Bukhārī pé Ọlọ́hun fúnra Rẹ̀ ni yóò jẹ́ alátakò ẹni tí ó gba iṣẹ́ pé lọ́wọ́ alágbàṣe tí kò sanwó rẹ̀. Òfin Iṣẹ́ Nàìjíríà náà, ní abala 5, kò gbà kí á máa yọ owó ìtanràn nínú owó iṣẹ́. Ní abala 11, ẹni tí ó ti lo ọdún méjì ṣùgbọ́n tí kò tíì pé márùn-ún, ìkìlọ̀ ọ̀sẹ̀ méjì ni ẹ̀tọ́ rẹ̀ kí á tó dá a dúró, àfi bí ìwà rẹ̀ bá burú dé ibi tí òfin fi gbà kí á lé e lójú ẹsẹ̀. Ẹ̀ẹ̀kan ní ọdún mẹ́ta, nítorí ìyá tó ń ṣàìsàn, ṣé ó dé ibẹ̀? Èmi kò rò bẹ́ẹ̀. Ìkìlọ̀ ẹnu tó o. Bí ó bá tún ṣe é, kí á kọ ọ́ sínú ìwé.

Ẹ̀yin òṣìṣẹ́, ẹ má tíì rẹ́rìn-ín. Fóònù wà lápò ọmọ yẹn, kò pe ẹnikẹ́ni, ìyẹ̀fun tí wọ́n ti pò sì bàjẹ́ ní òwúrọ̀ ọjọ́ náà. Àwọn kan nínú yín ti sin ìyá àgbà kan ṣoṣo lẹ́ẹ̀mẹta nítorí aṣọ ẹbí. Àwọn mìíràn ń fi Jímọ̀ bojú, wọn kì í padà síbi iṣẹ́ mọ́ títí ilẹ̀ fi ń ṣú, bẹ́ẹ̀ āyah 10 nínú Sūratu l-Jumuʿah ní kí á túká lẹ́yìn ìrun kí á lọ wá oore Ọlọ́hun.

A pe àwọn méjèèjì jókòó. Ọ̀gá náà san owó ọjọ́ 21, ọmọ náà sì tọrọ àforíjì nítorí ìyẹ̀fun. Ṣùgbọ́n wọ́n ti gba ẹlòmíràn sí ipò rẹ̀, ó ṣì ń wá iṣẹ́ títí di òní. Ẹni tí ó bá ní àyè ní ibi iṣẹ́ rẹ̀, kí ó rí mi lẹ́yìn ìrun. Ìgbìmọ̀ ìlàjà mọ́sálásí ń jókòó ní gbogbo ọjọ́ Àìkú lẹ́yìn ìrun Àláásàrì. Ọ̀gá àti ọmọ iṣẹ́ ni kí wọ́n jọ wá.