Émilie du Châtelet: Obìnrin Tó Já Ìwé Newton fún Àwọn Ará Faransé

Ẹ jẹ́ ká fi ìbéèrè kékeré kan bẹ̀rẹ̀. Mọ́tò kan ń sá eré 50 kìlómítà ní wákàtí kan. Òmíràn tó wúwo bákan náà ń sá 100. Tí àwọn méjèèjì bá lọ kọlu ògiri, ṣé agbára tí ẹlẹ́ẹ̀kejì gbé wá jẹ́ ìlọ́po méjì ti àkọ́kọ́ ni? Rárá o, ìlọ́po mẹ́rin ni. Lónìí, ọmọ sẹ́kọ́ńdírì tó ń ṣe fìsíìsì mọ èyí. Àmọ́ ní nǹkan bí 300 ọdún sẹ́yìn, àwọn ọ̀mọ̀wé ilẹ̀ Yúróòpù ń bá ara wọn fa ọ̀rọ̀ yìí gan-an, obìnrin kan sì wà láàárín wọn tí kò jẹ́ kí ẹnikẹ́ni fi ipò halẹ̀ mọ́ òun.

Ta ni obìnrin náà?

Émilie du Châtelet ni. Wọ́n bí i ní Paris ní ọjọ́ 17 oṣù Kejìlá, ọdún 1706, sínú ìdílé tó sún mọ́ ààfin ọba. Yunifásítì kì í gba obìnrin nígbà yẹn, torí náà ilé ló ti kàwé. Ó lọ́kọ ní 1725, ó bímọ, lẹ́yìn náà ló wá àwọn onímọ̀ ìṣirò bíi Maupertuis àti Clairaut kàn kí wọ́n kọ́ òun.

Òun àti Voltaire, òǹkọ̀wé olókìkí nì, jọ gbé ní Cirey, wọ́n sì kó ìwé àti irinṣẹ́ sáyẹ́ǹsì jọ síbẹ̀. Ìgbà kan wà tí Akadẹ́mì Sáyẹ́ǹsì ti Paris ṣe ìdíje lórí ohun tí iná jẹ́. Voltaire kọ tiẹ̀. Émilie kò fara mọ́ èrò rẹ̀, ló bá ń fi òru kọ tirẹ̀ ní bòókẹ́lẹ́. Kò gba ẹ̀bùn (Euler wà lára àwọn tó gbà á), síbẹ̀ Akadẹ́mì tẹ iṣẹ́ rẹ̀ jáde ní 1739. Akadẹ́mì yìí kan náà kì í gba obìnrin wọlé o! Ọdún 1979 ni wọ́n tó yan obìnrin àkọ́kọ́ ní ojúlówó ọmọ ẹgbẹ́.

Awuyewuye lórí agbára

Báwo la ṣe ń wọn agbára ohun tó ń sáré? Àwọn ọmọlẹ́yìn Descartes ní ká fi ìwọ̀n nǹkan náà lọ́po eré rẹ̀, ó tán. Leibniz ará Jámánì ní rárá, eré yẹn gbọ́dọ̀ kọ́kọ́ lọ́po ara rẹ̀. Nípa bẹ́ẹ̀, tí eré bá di ìlọ́po 2, agbára á di 2 × 2, ìyẹn 4.

Ní Hóláńdì, 's Gravesande ju bọ́ọ̀lù idẹ sórí amọ̀ rírọ̀ láti òkè. Bọ́ọ̀lù tó bá jábọ́ láti ibi tó ga ní ìlọ́po mẹ́rin máa ń fi eré ìlọ́po méjì balẹ̀. Ihò tó ń dá sínú amọ̀ ńkọ́? Ìlọ́po mẹ́rin!

Ẹ lè kà á lórí íntánẹ́ẹ̀tì pé Émilie ló ju bọ́ọ̀lù náà. Kì í ṣe òun. Ohun tí òun ṣe ni pé ó rí ìtumọ̀ àyẹ̀wò yẹn, ó sì gbèjà rẹ̀ nínú ìwé tó tẹ̀ jáde ní 1740, *Institutions de physique*. Mairan, akọ̀wé Akadẹ́mì fúnra rẹ̀, kọ lẹ́tà ta kò ó ní 1741. Ọdún yẹn náà ni Émilie tẹ èsì tirẹ̀ jáde, ó sì dá a lóhùn kókó kan lẹ́yìn òmíràn.

Nígbà tó yá, ó hàn pé nǹkan méjì ọ̀tọ̀ọ̀tọ̀ ni wọ́n ń wọ̀n. Ti àkọ́kọ́ là ń pè ní momentum lónìí. Ìkejì ni ìpìlẹ̀ ohun tí à ń pè ní kinetic energy.

Iṣẹ́ àṣekágbá

Èdè Látìn ni Newton fi kọ *Principia*. Émilie pinnu láti tú u sí èdè Faransé. Àwa tí à ń ka sáyẹ́ǹsì ní Yorùbá mọ̀ pé irú iṣẹ́ bẹ́ẹ̀ kọjá kéèyàn kàn máa pààrọ̀ ọ̀rọ̀: ẹni tí kò bá lóye ìṣirò náà kò lè tú u. Ó tún fi àlàyé tirẹ̀ kún un, ó sì fi kálíkúlọ́ọ̀sì ìgbà náà ṣàlàyé ohun tí Newton fi jẹ́ọ́mẹ́tírì gbé kalẹ̀.

Ní 1749, ó lóyún lẹ́ni ọdún 42. Ẹ̀rù ń bà á pé òun lè kú síbi ìbímọ, torí náà ó ń ṣiṣẹ́ títí wọ inú òru kó lè parí ìwé náà. Ó parí rẹ̀. Ó bí ọmọbìnrin kan ní ìbẹ̀rẹ̀ oṣù Kẹsàn-án, ó sì kú ní ọjọ́ 10 oṣù náà.

Ọdún 1759 ni odindi ìwé náà jáde. Ọdún yẹn náà ni ìràwọ̀ onírù ti Halley padà yọ, bí àwọn tó lo òfin Newton ṣe ṣírò rẹ̀. Clairaut, olùkọ́ Émilie, wà lára wọn. Títí dòní, nígbà tí ará Faransé bá fẹ́ ka *Principia* ní èdè rẹ̀, iṣẹ́ obìnrin yìí ló ṣì máa ń kọ́kọ́ gbé.