GBÀ-MÁ-BÍNÚ ÀTI KÒ-TẸ́-MI-LỌ́RÙN: Ẹ̀KỌ́ LÓRÍ OWÓ ÌJÀǸBÁ ỌKỌ̀

A kì í ti kóòtù bọ̀ ká ṣọ̀rẹ́, ni àwọn baba wa máa ń wí. Òwe yìí ni wọ́n fi ń pa ọ̀pọ̀ ẹni tí mọ́tò gbá lẹ́nu mọ́ ní agbègbè wa. Ẹ̀yin òǹkàwé wa, mo fẹ́ kí a fi ojú ẹ̀kọ́ èdè àti ojú òfin wo ọ̀rọ̀ méjì tí kò ṣàjèjì sí wa: gbà-má-bínú àti kò-tẹ́-mi-lọ́rùn.

Ẹni tó bá mọ ọ̀nà Ìkàrẹ́ sí Ọ̀kà mọ̀ pé òkè àti gẹ̀rẹ́gẹ̀rẹ́ ló yí i ká. Àkùngbá ló wà láàárín. Níbẹ̀ ni ọkọ̀ àjàgbé kan tó kó sìmẹ́ńtì ti já lu àwọn ènìyàn níwájú Yunifásítì Adékúnlé Ajásin ní oṣù kìn-ín-ní ọdún 2021, tí àwọn akẹ́kọ̀ọ́ sì bá a lọ. Ẹni tó kú ti kú. Ẹni tó yè, tí kò lè rìn mọ́ ńkọ́?

Nípa ìhun wọn, gbólóhùn ni ọ̀rọ̀ méjèèjì kí a tó sọ wọ́n di ọ̀rọ̀-orúkọ. "Gbà, má bínú" jẹ́ gbólóhùn ẹni tó ṣẹ̀. "Kò tẹ́ mi lọ́rùn" jẹ́ gbólóhùn ẹni tí ọ̀rọ̀ dùn. Nítorí pé ẹ̀bẹ̀ ni ti àkọ́kọ́, ọ̀pọ̀ ènìyàn rò pé àánú ni owó náà. Lójú òfin, ẹ̀tọ́ ni. A fi ń gbìyànjú láti dá ẹni tí àìbìkítà ẹlòmíràn pa lára padà sí ipò tó wà tẹ́lẹ̀, níwọ̀n bí owó bá ti lè ṣe é mọ. Kì í sì í ṣe owó ìtanràn, nítorí ìjọba ló ń gba ìyẹn.

Ẹ jẹ́ kí a fi àpẹẹrẹ yé ara wa. Ká ní ìyá kan gbé gààrí láti Ọ̀kà lọ sí ọjà Ìkàrẹ́, tí ọkọ̀ gbá a, tí wọ́n sì gé ẹsẹ̀ rẹ̀ kan. Ọ̀nà méjì ni owó tí yóò bèèrè ní Ilé-Ẹjọ́ Gíga pín sí. Èkíní ni èyí tó ṣeé kà: owó ọsibítù, owó oògùn, owó ọkọ̀, èrè ọjà tí kò lè jẹ. Èyí ń fẹ́ ẹ̀rí gidi, rìsíìtì lórí rìsíìtì. Èkejì ni èyí tí kò ní rìsíìtì: ìrora, ẹsẹ̀ tí kò ní hù mọ́, ayé tí kò ní rọrùn bíi ti àná. Adájọ́ ni yóò fi òye díwọ̀n rẹ̀.

Bí iye tí adájọ́ pè kò bá tẹ́ ìyá yìí lọ́rùn, oṣù 3 ló ní láti ọjọ́ ìdájọ́ láti pe ẹjọ́ kò-tẹ́-mi-lọ́rùn. Ẹ̀ka ilé-ẹjọ́ náà wà ní Àkúrẹ́. Bí àkókò bá kọjá, ó di pé kó bẹ̀bẹ̀ fún àfikún, kó sì ṣàlàyé ohun tó dá a dúró.

Ṣùgbọ́n kí ènìyàn wí pé "owó yìí kéré" nìkan kò tó. Nínú ẹjọ́ Flint àti Lovell ní ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, tí a tẹ̀ sínú ìwé àkójọ ìdájọ́ ọdún 1935, bàbá ẹni ọdún 69 ni ìjàǹbá ọkọ̀ gé ẹ̀mí rẹ̀ kúrú. Olùjẹ́jọ́ ní owó tí wọ́n pè ti pọ̀ jù. Adájọ́ Greer fèsì pé àwọn kò ní yí iye padà kìkì nítorí pé àwọn ìbá ti pe iye mìíràn. Ohun méjì ló lè mú wọn yí i: bí adájọ́ àkọ́kọ́ bá tẹ̀ lé ìlànà òfin tó lòdì, tàbí bí owó náà bá pọ̀ tàbí kéré débi tó hàn gbangba pé ìṣirò rẹ̀ ti wọ́. Wọn kò dín owó bàbá náà kù. Àwọn ilé-ẹjọ́ wa ní Nàìjíríà ń tọ ọ̀nà kan náà.

Ẹ̀kọ́ wo ni a rí kọ́? Ìwé àkọsílẹ̀ ẹjọ́ àkọ́kọ́ ni wọn yóò yẹ̀ wò ní Àkúrẹ́. Rìsíìtì tí a kò mú jáde ní Ìkàrẹ́ ṣòro láti mú jáde níbẹ̀. Olùjẹ́jọ́ náà sì lè pe tirẹ̀, kí owó dín dípò kó lé. Nítorí náà, ìgbà tí ènìyàn ṣì wà lórí ibùsùn ọsibítù ni ẹjọ́ kò-tẹ́-mi-lọ́rùn ti ń bẹ̀rẹ̀. Kí ó tó tẹ̀ka sí ìwé àdéhùn èyíkéyìí, kí ó fi han lọ́yà.

Òótọ́ ni pé a kì í ti kóòtù bọ̀ ká ṣọ̀rẹ́. Ṣùgbọ́n ìyá aláàárí àti ẹni tó gbá a kì í ṣe ọ̀rẹ́ tẹ́lẹ̀. Ẹ̀yin akẹ́kọ̀ọ́ ẹlẹgbẹ́ mi, èdè ni iṣẹ́ wa. Bí a bá padà sílé, ẹ jẹ́ kí a la ọ̀rọ̀ méjì yìí yé àwọn ìyá wa, nítorí ẹni tó jìn sí kòtò ló ń kọ́ ará yòókù lọ́gbọ́n.